Ẹni Tó Kọ́kọ́ Pariwo

Nígbà tí obìnrin aránṣọ kan gba ṣọ́ọ̀bù ní òpópónà yẹn, inú àwọn ará àdúgbò dùn. Aránṣọ tí kì í purọ́ ọjọ́ fún oníbàárà ṣọ̀wọ́n bí ojú, èyí kì í sì í purọ́. Bó bá ní kí o wá gba aṣọ rẹ lọ́la, ọ̀la náà ni. Ẹnu rẹ̀ kò gùn, kì í ṣòfófó, ẹ̀rín rẹ̀ sì wà ní ìwọ̀n. Kò pẹ́ tí ilé gbogbo fi ń ránṣẹ́ pè é. Ó wọn kọ́tìnnì ní pálọ̀ eléyìí, ó wọn aṣọ ìrọ̀rí ní yàrá tọ̀hún. Téèpù ń bẹ lọ́rùn rẹ̀, abẹ́rẹ́ ń bẹ láyà ẹ̀wù rẹ̀, kò sì sí ìlẹ̀kùn tí wọ́n tì mọ́ ọn.

Ìyanu gidi ni, nítorí àdúgbò náà kì í ṣílẹ̀kùn fún èèyàn bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ìbẹ̀rù ló fi ibẹ̀ ṣelé. Kò sí fèrèsé tí kò ní irin, kò sí géètì tí kò ní àgádágodo méjì, ti ẹlòmíràn tilẹ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ. Bí ìyàwó ilé bá fẹ́ da omi ìfọṣọ nù, á kọ́kọ́ wá kọ́kọ́rọ́. Wọ́n ní olè pọ̀. Bí o bá bi wọ́n pé ta ni olè jà nínú wọn, wọ́n á ní àwọn gbọ́ ni.

Ẹni tó ń ta àgádágodo fún wọn náà ni alága ẹ̀ṣọ́ àdúgbò. Bàbá Àgádágodo ni tọmọdé tàgbà ń pè é. Ọkùnrin gìrìwò kan ni, ohùn rẹ̀ a sì máa dún bí agogo ilé ìwé. Ní ìpàdé àdúgbò, òun ló máa ń mú ìròyìn olè tó burú jù lọ wá, ọjọ́ kejì ìpàdé sì ni ọjà rẹ̀ máa ń tà jù. Kì í ṣe ẹlẹ́tàn o. Ẹ̀rù ń ba òun náà tọkàntọkàn, àmọ́ ẹ̀rù tirẹ̀ ní èrè nínú.

Ohun tí ẹnikẹ́ni kò mọ̀ ni pé nítorí ọkùnrin yìí ni aránṣọ ṣe kó wá síbẹ̀.

Aránṣọ ní àbúrò kan rí, ọmọ ìyá rẹ̀, tí wọ́n ń pè ní Súfèé nítorí pé kò lè rìn kó má súfèé. Fáànù, rédíò, áyọ́ọ̀nù, ohunkóhun tó bá sáà ti ní wáyà nínú, Súfèé á tún un ṣe. Ìyá wọn kú nígbà tí Súfèé ṣì ń rá kòrò. Ẹ̀gbọ́n yìí ló pọ̀n ọ́n, òun ló kọ́ ọ lọ́rọ̀ sísọ, òun náà ló rán ṣòkòtò tó kọ́kọ́ wọ̀ lọ sílé ìwé. Ní ọ̀sán ọjọ́ kan, Súfèé gbé fáànù tó ti tún ṣe lọ fún oníbàárà rẹ̀, ìyá àgbà kan tó ń dá gbé ní òpópónà náà. Kò mọ ilé ọ̀hún dáadáa. Ó gbé fáànù léjìká, ó ń wo nọ́ńbà ara géètì lọ́kọ̀ọ̀kan. Bàbá Àgádágodo rí i láti ẹnu ọ̀nà ṣọ́ọ̀bù rẹ̀: àjèjì, ọ̀dọ́, tó gbé fáànù, tó ń yọjú wo ilé onílé. Kò bi í ní ìbéèrè kankan. Ó fi ohùn agogo yẹn ké, "Olè!"

Ọ̀rọ̀ kan péré ni. Àwọn yòókù ló fi igi àti òkúta parí rẹ̀.

Súfèé ń wí pé òun lòun tún fáànù náà ṣe, kí wọ́n bi ìyá. Ìyá onífáànù ń gbọ́ ọ láti ẹ̀yìn ìlẹ̀kùn. Ó ti ki kọ́kọ́rọ́ bọ ihò, ọwọ́ rẹ̀ ló kọ̀ tí kò yí i. Ó ń bẹ̀rù pé bí òun bá ṣílẹ̀kùn, wọ́n á ní òun ló ń bá olè gbẹrù pamọ́. Nígbà tí ariwo rọlẹ̀, èrò ti túká, ó ku Súfèé àti fáànù lójú títì. Ilé ìwòsàn ló kú sí, orí rẹ̀ wà lórí itan ẹ̀gbọ́n rẹ̀.

Àwọn ọlọ́pàá wá, wọ́n wádìí. Kálukú ní ọ̀rọ̀ ti parí kí òun tó débẹ̀. Ọ̀gá wọn wá sọ fún aránṣọ pé èrò kò lórúkọ, a kì í sì í fi ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ de èrò, kó fọ̀rọ̀ náà lé Ọlọ́run lọ́wọ́. Ọjọ́ ìsìnkú ni ìyá onífáànù wá bá a. Arúgbó tó tó o bí lọ́mọ ló kúnlẹ̀ níwájú rẹ̀, ló sì ka gbogbo ohun tó rí láti ojú ihò ìlẹ̀kùn: ẹni tó kọ́kọ́ pariwo, ẹni tó mú igi wá, ẹni tó di Súfèé lápá mú, ẹni tó dúró tó ń rẹ́rìn-ín. Aránṣọ fà á dìde. Kò sunkún. Ó ní kó jọ̀ọ́ tún un sọ láti ìbẹ̀rẹ̀, kó má yára, kóun lè há a sórí. Kò pẹ́ sí i, ọmọ ìyá náà wá mú un kúrò ní òpópónà yẹn.

Wọ́n ní sùúrù ni baba ìwà. Sùúrù tí aránṣọ yìí ní, sùúrù ológbò lẹ́nu ihò eku ni. Ó bá wọn gbé, ó sì ránṣọ fún wọn. Ó fi téèpù yí àyà ẹni tó mú igi wá po. Nígbà tó ń wọn apá ọkùnrin tó di àbúrò rẹ̀ mú, ó ní, "Ẹ ti ń sanra o, ẹ̀gbọ́n," ọkùnrin náà sì rẹ́rìn-ín tìtì, ó ní oúnjẹ ìyàwó òun ni. Aránṣọ bá a rẹ́rìn-ín. Gbogbo wọn pátá ló ń bí i nínú, ṣùgbọ́n ẹni tó kọ́kọ́ pariwo ló ń jẹ ẹ́ lọ́kàn jù. Àwọn yòókù, ariwo ni wọ́n tẹ̀lé. Òun ló bí ariwo.

Bí nǹkan ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í sọnù ládùúgbò nìyẹn. Rédíò kékeré kan ṣe bí eré pòórá lórí fèrèsé. Aago ọwọ́ kan tẹ̀lé e, lẹ́yìn náà áyọ́ọ̀nù, lẹ́yìn náà bàtà tuntun tí olówó rẹ̀ kò tíì wọ̀. Àwọn ará ibẹ̀ tún irin fèrèsé ṣe, wọ́n fi wáyà ẹlẹ́gùn-ún sórí ògiri, wọ́n fi àgádágodo kún àgádágodo. Kò sí ẹni tó ronú kan obìnrin tó wá wọn kọ́tìnnì. Nígbà ìpàdé, Bàbá Àgádágodo dìde dúró, iṣan ọrùn rẹ̀ le, ó ní ọjọ́ tí ọwọ́ bá tẹ olè yìí, kò ní dé àgọ́ ọlọ́pàá. Gbogbo wọn pàtẹ́wọ́. Aránṣọ náà pàtẹ́wọ́, tirẹ̀ tilẹ̀ pẹ́ ju ti àwọn yòókù lọ.

Kò pẹ́ sí i, Bàbá Àgádágodo ní kó wá rán kọ́tìnnì tí yóò bo ẹnu ọ̀nà yàrá ẹrù tó wà lẹ́yìn ṣọ́ọ̀bù òun. Ọjọ́ tó wá fi kọ́ ọ, ó gbé àpò ńlá kan dání. Ó gun àga, ó kan ìṣó, ó fa kọ́tìnnì gún, Bàbá sì yìn ín pé ọwọ́ rẹ̀ mọ́. Nígbà tó jáde, àpò rẹ̀ ti fúyẹ́.

Ọ̀sán ọjọ́ yẹn kan náà ni ìyàwó tíṣà kan ládùúgbò wọ ṣọ́ọ̀bù náà tìbínú-tìbínú. Fóònù rẹ̀ ti di àwátì láti àárọ̀, ó sì fẹ́ ra àgádágodo tó tóbi jù. Bí Bàbá ṣe ń ṣàlàyé èyí tó lágbára fún un ni ẹ̀rín ọmọdé kan sọ kèékèé lẹ́yìn kọ́tìnnì. Obìnrin náà dúró gbagidi. Ẹ̀rín ọmọ-ọmọ rẹ̀ ló gbà sílẹ̀ tó fi ṣe ohùn fóònù rẹ̀, tíṣà tó wà nílé ló sì ń gbìyànjú nọ́ńbà náà lẹ́ẹ̀kan sí i. Bàbá Àgádágodo fúnra rẹ̀ ló fa kọ́tìnnì sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, tó ṣí páálí kan tó wà níbẹ̀. Fóònù ń tàn yanran, rédíò wà lábẹ́ rẹ̀, bàtà tuntun wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ áyọ́ọ̀nù. Ó ya ẹnu, kò rí ohùn. Ìyàwó tíṣà ló rí ohùn.

Àwọn kan náà ló jáde. Aránṣọ ń wò wọ́n láti ẹnu ọ̀nà rẹ̀, sísọ́ọ̀sì ṣì wà lọ́wọ́ rẹ̀. Wọ́n wọ́ alága wọn síta. Ìgbájú tó kọ́kọ́ bà á, adùn rẹ̀ gun aránṣọ láti àtẹ́lẹsẹ̀ dé àtàrí. Bàbá ń bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n jẹ́ kóun ṣàlàyé. Ta ní fẹ́ gbọ́ àlàyé? Ẹni tó mú igi wá nígbà yẹn ti sáré wọlé lọ mú igi. Aránṣọ ti fojú inú rí ọjọ́ yìí títí ó fi mọ̀ ọ́n bí ẹni mọ yàrá ara rẹ̀. Àfi bí ọkàn rẹ̀ ṣe ṣàdédé bi í léèrè pé: bí ọkùnrin yìí bá kú báyìí, ṣé ó mọ ohun tó pa á? Kò mọ̀. Á kú bí aláìṣẹ̀, á lọ sinmi, yóò sì ku òun nìkan pẹ̀lú ọ̀rọ̀ náà. Ikú yóò jà á gbà lọ́wọ́ òun.

Ó ju sísọ́ọ̀sì sílẹ̀, ó sáré wọ àárín èrò, ó dúró lé ọkùnrin náà lórí. "Ẹ má pa á," ló wí. "Ẹni tó bá kú ti bọ́. Ẹ pe ọlọ́pàá."

Torí pé òun ni, wọ́n gbọ́. Ìròyìn àánú rẹ̀ gba àdúgbò kan. Wọ́n ní obìnrin náà lójú àánú ju ìyá lọ.

Wọ́n gbé Bàbá Àgádágodo lọ sí ọgbà ẹ̀wọ̀n kó lọ máa retí ẹjọ́, ẹjọ́ ibẹ̀ kì í sì í yá. Kò sí ẹni tó yọjú sí i. Ìtìjú lé ìyàwó rẹ̀ padà sílé àwọn òbí rẹ̀. Àwọn tó ń jókòó sẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ tẹ́lẹ̀ ní àwọn ti ń fura sí i tipẹ́. Aránṣọ nìkan ló ra búrẹ́dì àti ọṣẹ, tó lọ wò ó.

Ọkùnrin náà ti rù. Ó di irin tó wà láàárín wọn mú, ó ń dúpẹ́ ṣáá, ó ní bí kì í bá ṣe tirẹ̀, òun ì bá ti kú. Aránṣọ jẹ́ kó dúpẹ́ tán.

"Èmi ni mo kó ẹrù yẹn síbẹ̀," ó wí pẹ̀lẹ́.

Bàbá kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín. Nígbà tó rí ojú rẹ̀, ẹ̀rín náà kú. "Kí ni mo ṣe fún yín, Àǹtí?"

"Ẹ pa àbúrò mi. Ẹ̀yin lẹ kọ́kọ́ ké olè lé e lórí."

Ọkùnrin náà wò ó títí. Kò jiyàn. Ó ń wá nǹkan nínú orí rẹ̀ bí ẹni ń wá kọ́kọ́rọ́ láàárín ọ̀pọ̀ kọ́kọ́rọ́. Ó wá bi í pẹ̀lú òótọ́ inú pé, "Èwo nínú wọn ni?"

Aránṣọ náà di irin mú.

"Ṣé èyí tó wọ ṣẹ́ẹ̀tì pupa ni? Àbí èyí tí wọ́n mú lẹ́yìn ilé ìkàwé? Ẹ má bínú, ojú wọn ti pòórá lójú mi. Ẹ̀rù ló ń bà wá nígbà yẹn."

Ẹni ṣu ní í gbàgbé, ẹni kó kì í gbàgbé. Aránṣọ mọ òwe yẹn láti kékeré, àmọ́ kò tíì wọ̀ ọ́ lára rí bíi ti ọjọ́ yẹn. Gbogbo ọdún tó fi ń ru ọkùnrin yìí káàkiri bí ẹ̀gún nínú ẹran ara, òun àti àbúrò òun kò tilẹ̀ sí nínú ìrántí ọkùnrin náà. Ó délé, ó fọ́ díńgí ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ mọ́lẹ̀. Ó wá pinnu pé bí kò bá rántí, òun yóò mú un rántí.

Láti ìgbà náà, gbogbo ọjọ́ ìbẹ̀wò ló ń lọ. Kì í bú u, kì í pariwo. Ó ń sọ Súfèé fún un. Ó sọ bó ṣe tú rédíò ìyá wọn palẹ̀ nígbà tí kò tíì ju ọmọ ìka lọ, tí ó sì tò ó padà, tí rédíò bẹ̀rẹ̀ sí í sọ èdè tí ẹnikẹ́ni kò gbọ́. Ó sọ bí kò ṣe lè jẹun láìdà á sára, bó ṣe ń bẹ̀rù adìyẹ títí ó fi hu irùngbọ̀n. Bàbá kọ́kọ́ ń dijú, ó ń bẹ̀ ẹ́ pé kó lọ. Kò lọ. Nígbà tó yá, Bàbá kò dijú mọ́. Ní ọjọ́ kan tó fẹ́ dìde, ọkùnrin náà bi í bóyá Súfèé ti ní àfẹ́sọ́nà kó tó kú. Ó ní òun ti ń rò ó láti ọjọ́ mélòó kan. Aránṣọ sọ fún un pé ó ní. Bàbá fi ọwọ́ méjèèjì bo ojú, èjìká rẹ̀ ń gbọ̀n. Ohun tí aránṣọ ti ń wá nìyẹn, ó sì rò pé yóò dùn ju bó ṣe dùn lọ.

Ṣé ẹ rò pé àdúgbò sinmi nígbà tí olè wọn ti wà lẹ́wọ̀n? Wọ́n yan alága mìíràn, ẹ̀rù ń bá a lọ. Ní ọjọ́ kan, òṣìṣẹ́ tó wá ka mítà iná ń yọjú wo ara ògiri, ẹnìkan sì ké. Ọlọ́run ló yọ ọkùnrin náà, apá rẹ̀ ló kán. Kò tíì pẹ́ tí wọ́n gbé e lọ ni ẹ̀gbọ́n tó sanra yẹn, ẹni tó di Súfèé mú, wọlé tọ aránṣọ wá. Ṣòkòtò rẹ̀ ti ya lórúnkún níbi tí wọ́n ti ń na òṣìṣẹ́ náà. Ó ní kó bá òun rán an kíákíá, òun fẹ́ wọ̀ ọ́ lọ síbi iṣẹ́. Ó ń súfèé.

Aránṣọ gba ṣòkòtò náà. Ó wo ibi tó ya, ó wo ẹni tó ni ín. Ó yé e pé ẹnì kan ṣoṣo lòun tì mọ́lé, èrò ṣì wà níta láìlórúkọ. Ó ká ṣòkòtò náà, ó gbé e lé àga, ó ní kó lọ máa retí òun nílé. Ó ti ìlẹ̀kùn, ó forí lé àgọ́ ọlọ́pàá.

Inú ọ̀gá ọlọ́pàá kò dùn sí i rárá. Ó ní, "Màmá, ẹjọ́ tó ti yanjú lẹ fẹ́ tún tú palẹ̀ yìí?" Ó ní kó lọ sinmi, bóyá oòrùn ló pa á. Aránṣọ jókòó lórí bẹ́ńṣì, ó ní òun kò ní dìde àfi tí wọ́n bá ti òun mọ́lé. Ó ka gbogbo ẹrù tó jí, ilé tó ti jí i, ibi tó gbà wọlé. Ọ̀gá náà mí kanlẹ̀, ó wá mi orí sí ẹni tó ń kọ̀wé pé kó máa kọ.

Ìgbà tí ọjọ́ ẹjọ́ pé, gbogbo òpópónà ló wá sí kóòtù, wọ́n wá wo ìyà ọ̀dàlẹ̀. Wọ́n bọ́ sí bẹ́ńṣì iwájú, wọ́n ń sọ fún ara wọn ohun tí àwọn ì bá ṣe fún un bó bá jẹ́ pé àwọn ni ìjọba. Adájọ́, obìnrin àgbà kan tí kì í gbóhùn sókè, béèrè bóyá ó jẹ̀bi. Aránṣọ ní òun jẹ̀bi. Adájọ́ bi í léèrè ìdí tó fi hùwà náà.

Ìbéèrè tó ń wá láti ọjọ́ ikú Súfèé rè é. Kò sí ẹni tó bi í rí.

Ó bẹ̀rẹ̀ láti orí fáànù. Ó sọ ẹni tó kọ́kọ́ pariwo. Lẹ́yìn náà ló yíjú sí àwọn èrò, ó ń nàka sí wọn níkọ̀ọ̀kan: eléyìí ló mú igi wá, tọ̀hún ló dì í lápá mú, apá rẹ̀ ti tóbi ju bẹ́ẹ̀ lọ nísinsìnyí, èmi ni mo wọ̀n ọ́n, ìyẹn lẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé ló ń rẹ́rìn-ín. Àwọn kan dìde, wọ́n ń wá ọ̀nà. Adájọ́ ní kí wọ́n ti ìlẹ̀kùn, kí ẹnikẹ́ni má jáde títí obìnrin náà yóò fi sọ̀rọ̀ tán. Ìyá onífáànù, tí ọmọ rẹ̀ dì lọ́wọ́ mú wá, dìde lẹ́yìn, ó ní òun rí gbogbo rẹ̀, òun náà kò sì ṣílẹ̀kùn, kí wọ́n kọ ìyẹn sílẹ̀ pẹ̀lú.

Ni wọ́n bá pe Bàbá Àgádágodo. Agbẹjọ́rò béèrè ohun tí ó fẹ́ kí wọ́n ṣe fún ẹni tó purọ́ mọ́ ọn. Ohùn agogo ti lọ, ohùn pẹlẹbẹ kan ló kù. Ó ní kí wọ́n fi òfin ṣe tirẹ̀. Lẹ́yìn náà ló ní, "Ọ̀rọ̀ tó sọ, òótọ́ ni. Èmi ni mo kọ́kọ́ ké. Súfèé ni wọ́n ń pè é, ó máa ń bẹ̀rù adìyẹ."

Ẹnikẹ́ni kò rẹ́rìn-ín.

Wọ́n ju aránṣọ sẹ́wọ̀n nítorí olè jíjà àti irọ́ pípa. Òun kò rojọ́ lórí ìyẹn. Wọ́n dá Bàbá sílẹ̀ lórí ẹ̀sùn ẹrù, wọ́n sì mú un padà lórí ẹ̀sùn ikú, òun àti ẹni tó mú igi wá pẹ̀lú ẹni tó di Súfèé mú. Ẹni tó ń rẹ́rìn-ín sá kúrò nílùú. Àdúgbò fẹjọ́ sùn káàkiri pé aránṣọ ti ba orúkọ rere àwọn jẹ́.

Ọgbà ẹ̀wọ̀n obìnrin ní yàrá ìránṣọ, ibẹ̀ ni wọ́n fi í sí. Ní ọjọ́ ìbẹ̀wò kan, wọ́dà ní ó lálejò. Ìyàwó Bàbá Àgádágodo ni. Obìnrin náà ti hewú sí i, ó jókòó láìkí i.

"Ẹ̀yin lẹ tú ilé mi ká," ó wí.

Aránṣọ ní, "Èmi ni."

Obìnrin náà dúró bí ẹni ń retí ẹ̀bẹ̀. Ẹ̀bẹ̀ kò wá. Aránṣọ mọ̀ pé ó yẹ kí àánú obìnrin yìí ṣe òun, ó sì ṣe é díẹ̀, torí kò sí lára àwọn tó ju òkúta. Ṣùgbọ́n nígbà tó la ẹnu láti sọ ọ́, ojú Súfèé nílé ìwòsàn ló rí, ẹnu rẹ̀ sì pa dé.

"Mi ò dárí jì í," ó wí níkẹyìn. "Mi ò mọ̀ bóyá mo máa dárí jì í láé. Ẹ̀yin náà, ẹ má wulẹ̀ dárí jì mí."

Ìyàwó Bàbá ní òun kò wá fún ìyẹn. Òun kàn fẹ́ rí ojú rẹ̀ ni. Ó dìde, ó tún gèlè rẹ̀ wé, ó sì lọ. Aránṣọ padà sídìí ẹ̀rọ. Ẹ̀wù ẹlẹ́wọ̀n pọ̀ nílẹ̀ tí wọn kò tíì fi bọ́tìnnì sí. Ó mú ọ̀kan, ó wá òwú tó bá àwọ̀ rẹ̀ mu, ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́.